Bí o ṣe máa ka Iron Flame kí o tó lè gbádùn rẹ̀

Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ti ka Iron Flame, ìwé kejì tí Rebecca Yarros kọ lórí àwọn tó ń gun dírágónì. Lákọ̀ọ́kọ́, mo sáré kà á bíi pé wọ́n fẹ́ gbà á lọ́wọ́ mi. Kò pẹ́ tí orúkọ fi bẹ̀rẹ̀ sí í dàrú mọ́ mi lójú. Má ṣe bíi tèmi.

Tún Fourth Wing, ìwé àkọ́kọ́, yẹ̀ wò ná, ó kéré tán àwọn orí tó kẹ́yìn. Ibẹ̀ ni àṣírí Xaden ti tú sí Violet, olólùfẹ́ rẹ̀, lọ́wọ́, ibẹ̀ náà ni ìjà wọn ti bẹ̀rẹ̀, Yarros kò sì ní jókòó tì ọ́ láti tún un sọ.

Kọ orúkọ dírágónì sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹni tó ń gùn ún: Tairn àti Andarna fún Violet, Sgaeyl fún Xaden. Àbúrò mi fi bébà mi ṣe yẹ̀yẹ́. Nígbà tó kà á dé ìdajì, òun náà ló wá tọrọ rẹ̀. (Dírágónì tí àwa mọ̀ nínú Ìwé Ìfihàn ní orí méje. Orí kan péré ni Tairn ní, àmọ́ ó ń kùn bíi bàbá onílé tí wọn ò tíì sanwó fún.)

Ibi tó yẹ kí o ti fara balẹ̀ jù ni ìpàdé Violet àti Xaden. Tọkọtaya ni Tairn àti Sgaeyl, wọn ò lè pẹ́ láìríra. Wọ́n wá gbé Xaden lọ sí Samara, ibùdó ológun kan, Violet sì wà nílé ẹ̀kọ́ ológun ní Basgiath. Dírágónì ló ń kó wọn pàdé, ì báà jẹ́ pé wọ́n ń bínú síra. Violet fẹ́ kí Xaden sọ gbogbo òótọ́ fún òun; Xaden ní kó béèrè, òun á dáhùn. Báwo lèèyàn ṣe ń béèrè ohun tí kò mọ̀ pé ó wà? Pa ìwé dé níbẹ̀, kí o dá ẹjọ́ náà fúnra rẹ. Ẹ̀yìn Violet ni mo wà nígbà àkọ́kọ́. Ìgbà kejì ni mo tó rántí àpá 107 tó wà lẹ́yìn Xaden, ọ̀kọ̀ọ̀kan fún ọmọ ọlọ̀tẹ̀ tó fi ara rẹ̀ dúró fún. Ṣé ẹnu irú ẹni bẹ́ẹ̀ á yá?

Má kà á nínú mọ́tò o. Àwọn ojú ewé kan wà níbẹ̀ tí o ò ní fẹ́ kí ẹni tó jókòó tì ọ́ bá ọ kà.

Má sì yọjú wo orí tó kẹ́yìn, níbi tí Xaden fúnra rẹ̀ ti ń sọ̀rọ̀. Ìwọ sáà wá Onyx Storm, ìwé kẹta, sílé kí o tó débẹ̀. Oṣù 14 ni èmi fi dúró, láti Oṣù Kọkànlá 2023 títí di Oṣù Kìíní 2025, tí mo ń bi àbúrò mi ní ìbéèrè kan náà.