Bẹ́ ẹ ṣe máa gba mẹ́dà 20 ọdún lẹ́nu iṣẹ́ áńbúláǹsì ní UK

Ẹ̀yin èèyàn wa tẹ́ ẹ ń ṣiṣẹ́ áńbúláǹsì ní UK, tẹ́ ẹ bá ti lo 20 ọdún lẹ́nu iṣẹ́ pàjáwìrì, tí ìwà yín sì mọ́, mẹ́dà kan wà fún yín o, àtọdún 1996 ló ti wà, ẹ má kàn jókòó máa retí ẹ̀. Ẹ lọ bá HR, ìyẹn àwọn tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́, kẹ́ ẹ jọ yẹ rẹ́kọ́ọ̀dù yín wò, pàápàá tẹ́ ẹ bá ti kúrò ní trust kan (ìyẹn iléeṣẹ́ ìlera ìjọba tẹ́ ẹ ń bá ṣiṣẹ́) bọ́ sí òmíì, torí ọdún lè sọnù níbẹ̀, ó sì máa ń dùn mí gan-an. Etí mẹ́dà náà ni wọ́n ń kọ orúkọ sí, ẹ wo sípẹ́lì ẹ̀ dáadáa. Apá òsì àyà yín lẹ máa fi kọ́ sí.