Ìtọ́jú Aáyán Ọ̀sìn Tó Fara Pa

Ẹ kọ́kọ́ yọ ọ́ kúrò láàárín àwọn yòókù. Àwọn àgbà ní aáyán fẹ́ jó, adìẹ ni kò jẹ́. Ti èyí tó fara pa, àwọn tí wọ́n jọ ń gbé inú ike gan-an ni adìẹ. Tí omi tàbí oúnjẹ tó ní purotéènì ò bá tó wọn, ojú egbò ni wọ́n máa jẹ. Ẹ má fi ẹsẹ̀ fà á. Ẹ ti páálí pẹlẹbẹ sábẹ́ rẹ̀, kó gùn ún fúnra rẹ̀.

Ike kékeré tó ní ìdérí tí ẹ lu ihò sí ti tó. Tíṣù funfun ni kí ẹ tẹ́ sí i, kì í ṣe iyẹ̀pẹ̀: iyẹ̀pẹ̀ máa ń lẹ̀ mọ́ egbò, àmọ́ ara tíṣù lẹ ti máa rí i bóyá egbò ṣì ń yọ omi. Ẹ gbé e síbi tó ṣókùnkùn, tó lọ́ wọ́ọ́rọ́, bí ìwọ̀n 25 sí 30 lórí Celsius.

Ẹ̀jẹ̀ aáyán kì í pupa. Omi tó mọ́ tàbí tó funfun díẹ̀ ni. Bó bá gbẹ, tó sì dúdú, ẹ fi í sílẹ̀. Bí kò bá dáwọ́ dúró, ẹ fi etí tíṣù fa omi náà, kí ẹ wá fi igi ìtayín bu ìyẹ̀fun àgbàdo díẹ̀ lé e. Èèpo ẹ̀yìn tó sán lè gba súpà gúlù, ẹ̀kán bí orí abẹ́rẹ́, lójú ibi tó gbẹ. Ibí yìí lọ̀pọ̀ èèyàn ti ń ṣì í ṣe. Aáyán kì í fi ẹnu mí, ihò wínníwínní tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara rẹ̀ ló fi ń mí. Gúlù, òróró tàbí ìpara tó bá dí i lè pa á kíákíá ju egbò lọ. Ẹ má kan gúlù mọ́ oríkèé. Ẹ má sì fi oògùn apakòkòrò fọ egbò. Kòkòrò ṣáà ni aáyán fúnra rẹ̀.

Ẹsẹ̀ tó já ńkọ́? Ọmọ aáyán tó ṣì ń bọ́ awọ máa hu òmíràn. Ẹsẹ̀ tuntun máa ń kéré, àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ sì sábà máa ń ní ìpín 4 dípò 5. Àgbà kì í bọ́ awọ mọ́, torí náà èyí tó lọ ti lọ, ṣùgbọ́n ó máa ń fi ìyókù rìn dáadáa. Ẹ má wo ìyẹ́ láti mọ àgbà nínú aáyán Madagascar tó máa ń pòṣé, torí kò ní ìyẹ́ rárá.

Bí ẹ bá bá a ní funfun báláú, tó rọ̀, kò ṣàìsàn: awọ ló ṣẹ̀ṣẹ̀ bọ́. Ẹ má fọwọ́ kàn án fún wákàtí mélòó kan títí yóò fi pọ́n. Bí awọ àtijọ́ bá há sí i lára, ẹ fi tíṣù tútù sínú ike, kí ẹ dúró. Ẹ má fà á, torí awọ inú òpó tó fi ń mí náà ló ń bọ́ pẹ̀lú rẹ̀, ara tó rọ̀ yẹn sì máa ya.

Òwú tútù ni kí ẹ fi fún un lómi, torí aláìlera lè rì sínú àwo. Ẹ̀là kárọ́ọ̀tì bí èékánná ti tó, ẹ máa pààrọ̀ rẹ̀ lójoojúmọ́. Bí fọ́nrán méjèèjì iwájú orí rẹ̀ bá ti já, ẹ gbé oúnjẹ sún mọ́ ẹnu rẹ̀, torí òun ló fi ń wá a.

Èyí tí ikùn rẹ̀ bẹ́ tí ìfun jáde kò ní yè. Ẹ fi í sínú fìríìjì títí kò fi mira mọ́, lẹ́yìn náà kí ẹ gbé e sí fírísà fún ọjọ́ kan. Èyí tí egbò rẹ̀ ti gbẹ, tó sì ti ń jẹun, lè padà sọ́dọ̀ àwọn yòókù, lẹ́yìn tí wọ́n bá ti jẹun yó.