Venice tí kì í sí nínú káàdì: bí mo ṣe yà á sí fíìmù

Fọ́tò Venice, ìlú orí omi ní Italy, tí gbogbo wa mọ̀ lórí káàdì ìfìwéránṣẹ́, oòrùn ni, ọkọ̀ gondola ni, ololùfẹ́ méjì ni. Èmi ò bá ìyẹn lọ. Ilé tí kò sẹ́ni tó ń sùn nínú rẹ̀ mọ́ ni mo fẹ́ yà. Ní 1951, nǹkan bí 175,000 èèyàn ló ń gbé ìlú àtijọ́ náà. Wọn ò tó 50,000 mọ́ báyìí. Ilé ìtajà oògùn kan wà ní Campo San Bartolomeo, nítòsí afárá Rialto, tó ti ń gbé iye àwọn tó kù sójú fèrèsé láti 2008, bí ẹni pàtẹ iye owó ọjà. Ibẹ̀ ni mo ti kọ́kọ́ ya fọ́tò.

Fíìmù dúdú-òun-funfun ni mo lò, HP5 ti Ilford, ISO 400 (ìwọ̀n bó ṣe ń yára gba ìmọ́lẹ̀). Oṣù January ni mo lọ, torí kùrukùru. Ẹ ṣọ́ra o, kùrukùru máa ń tan mítà kámẹ́rà tó ń wọn ìmọ́lẹ̀ jẹ: á rò pé ìmọ́lẹ̀ ti pọ̀ jù, á sì sọ ohun funfun di aláwọ̀ eérú. Bó bá ní kí ẹ ṣí kámẹ́rà fún 1/125 ìṣẹ́jú àáyá, 1/60 ni kí ẹ lò, kí ìmọ́lẹ̀ tó wọlé lè pọ̀ sí i.

Mo kẹ̀yìn sí èrò, mo gba àdúgbò Dorsoduro dé ṣọ́ọ̀ṣì San Nicolò dei Mendicoli. Àdúgbò yẹn ni iṣẹ́ gan-an wà. Mo sún mọ́ ẹnu ọ̀nà kan: aago ìlẹ̀kùn mẹ́rin, orúkọ ìdílé kan ṣoṣo. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn ni àpótí kọ́kọ́rọ́ onínọ́ńbà fún àlejò tó háyà yàrá. Kò sẹ́ni nísàlẹ̀ ilé. Iyọ̀ ti jẹ bíríkì títí ó fi ń rún wómúwómú. Àkúnya omi November 2019 ga tó 187 cm. Láti 2020 ni ìlẹ̀kùn omi MOSE ti ń dí òkun, àmọ́ iyọ̀ tó ti wọ ògiri kò tíì jáde. Mo dín ihò lẹ́ńsì kù sí f/8 láti yà á kí ó lè hàn kedere.

Ìyá àgbà kan tó ń ti ọjà bọ̀ dúró wò mí. Ẹni tó fi ojú omi sílẹ̀ tó ń ya ògiri!

Nílé, ní Padova, mo fọ fíìmù náà nínú balùwẹ̀: oògùn ìfọfíìmù ID-11 láìbu omi là á, 20°C, ìṣẹ́jú méje ààbọ̀. Fọ́tò aago ìlẹ̀kùn ni mo tẹ̀ ní ńlá. Ti ṣọ́ọ̀ṣì dára lóòótọ́, ṣùgbọ́n ó ti jọ káàdì jù, mo yọ ọ́.