Bẹ́ ẹ ṣe lè mọ òkúta tí èèyàn àtijọ́ fọwọ́ ṣe

Ẹ jọ̀ọ́, tẹ́ ẹ bá rí òkúta tó jọ ọ̀bẹ níbi tí omi ti wọ́ ilẹ̀ lọ, ẹ má tíì gbé e o. Fóònù ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ yọ, ẹ ya fọ́tò ẹ̀ bó ṣe wà nílẹ̀ yẹn, ẹ fi bírò sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀ ká lè mọ bó ṣe tóbi tó, kẹ́ ẹ sì fi GPS orí fóònù sàmì sí ibẹ̀.

Ó wá ku wíwò. Èyí tí èèyàn bá fi òkúta míì lù, ẹ máa rí ojú ibi tó ti lù ú létí ẹ̀, abẹ́ ibẹ̀ á wú díẹ̀, àwọn ìlà róbótó á sì máa fẹ̀ lọ látibẹ̀ bí ìgbà téèyàn ju òkò sódò. Tójú ibi tí wọ́n ti bó o bá pọ̀ tó sì tò tẹ̀ léra létí kan náà, ọ̀rọ̀ ti ń dùn nìyẹn. Ẹyọ kan ò tó ṣá, torí omi náà lè fọ́ òkúta, ẹ wò yíká bóyá ìfọ́kù míì wà.

Àwọn kan á ní kí wọ́n fi carbon 14, ìyẹn àyẹ̀wò tí wọ́n fi ń mọ bí nǹkan ṣe pẹ́ tó, wò ó. Rárá o, ohun tó ti wà láàyè rí bí eegun tàbí èédú nìyẹn wà fún, kò sì lè ju nǹkan bí 50,000 ọdún lọ, bẹ́ẹ̀ àwọn irinṣẹ́ òkúta Lomekwi ní Kẹ́ńyà ti tó mílíọ̀nù 3.3 ọdún, ilẹ̀ tí wọ́n ti bá wọn ni wọ́n fi mọ̀. Ìdí tí mo ṣe ní kẹ́ ẹ má gbé e nìyẹn.

Ẹ má fọ̀ ọ́ o! Ẹ pe àwọn mùsíọ́ọ̀mù.