Àwọn Àṣìṣe Tí Ó Wọ́pọ̀ Nípa Fáìlì DLL Lórí Windows

Ní ṣọ́ọ̀bù kékeré tí mo ti ń tún kọ̀ǹpútà ṣe ní Kubwa, kì í pẹ́ kí oníbàárà kan tó gbé láptọ́ọ̀pù wá pé ó ń kọ ọ́ sójú òun pé MSVCP140.dll kò sí. Ọ̀pọ̀ wọn ti ṣe àtúnṣe tiwọn kí wọ́n tó dé ọ̀dọ̀ mi, àtúnṣe yẹn gan-an ni ó sì máa ń gba àkókò mi ju àìsàn àkọ́kọ́ lọ.

Fáìlì àjọlò ni DLL. Ó dà bí odó kan ṣoṣo tí gbogbo obìnrin ilé ń yá gún iyán: ètò púpọ̀ ni ó ń lò ó, kí olúkúlùkù wọn má baà máa gbé tirẹ̀ rù kiri. Nítorí náà, kí a tó fọwọ́ kàn án, kí a kọ́kọ́ béèrè ẹni tí ó ni ín.

Àṣìṣe tí ó burú jù lọ ni kí ènìyàn lọ máa wá fáìlì kan ṣoṣo náà lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Ní àsìkò ọyẹ́ tó kọjá, ọ̀dọ́mọkùnrin kan gbé láptọ́ọ̀pù rẹ̀ wá láti Nyanya, ó ní, “Bọ̀dá, mo ti fi fáìlì yẹn sí i, ṣùgbọ́n nọ́ńbà ló tún ń kọ sí mi.” Nọ́ńbà náà ni 0xc000007b. Nígbà tí mo ṣí fódà Downloads rẹ̀, mo rí fáìlì náà lẹ́ẹ̀mẹta, ọ̀kan ń jẹ́ “msvcp140 (2).dll”. Ti 32-bit (irú ètò àtijọ́) ni ó ti kó sínú fódà ètò 64-bit (irú ti ìgbàlódé), àwọn méjèèjì kò sì lè bá ara wọn ṣiṣẹ́. Mo pa gbogbo rẹ̀ rẹ́, mo gba Visual C++ Redistributable, àpò fáìlì àjọlò, lọ́fẹ̀ẹ́ láti ọ̀dọ̀ Microsoft, mo fi ti x86 (32-bit) àti ti x64 (64-bit) sí i, ó sì ṣiṣẹ́. Inú àpò yẹn ni MSVCP140.dll ti wá, òun àti vcruntime140.dll tí wọ́n jọ ń rìn. Ẹni tí ó bá mú ọ̀kan láìmú èkejì yóò tún padà wá. Ká má tilẹ̀ sọ ti kòkòrò (virus) tí irú fáìlì tí a kò mọ orísun rẹ̀ bẹ́ẹ̀ lè gbé wọlé.

Orúkọ fódà pàápàá máa ń tan ènìyàn jẹ. Lórí Windows 64-bit, System32 ni DLL 64-bit ń gbé, SysWOW64 sì ni ti 32-bit wà. Ó rí bí ẹni gbé àkọlé ilé kan kọ́ sára ilé kejì, ṣùgbọ́n wọ́n fi orúkọ àtijọ́ sílẹ̀ kí àwọn ètò tí ó ti mọ̀ ọ́n má baà ṣìnà ni.

Ẹ má ṣe fi orúkọ nìkan pín wọn sí ìsọ̀rí. Fáìlì tí orúkọ wọn jọra lè jẹ́ ẹ̀dà ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ tí ètò ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ nílò, ẹni tí ó bá sì pa “àpọ̀jù” rẹ́ ti ba ètò ẹlòmíràn jẹ́. Kí a pín wọn sí ti Windows fúnra rẹ̀, bíi kernel32.dll àti user32.dll, ti àpò àjọlò bíi èyí tí mo sọ lókè, àti ti ètò kọ̀ọ̀kan, tí ó sábà máa ń wà nínú Program Files. Ẹ wo orúkọ ilé-iṣẹ́ tí ó ṣe fáìlì náà ní Details nínú Properties rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹnikẹ́ni lè kọ orúkọ ilé-iṣẹ́ tó wù ú síbẹ̀. Ẹ má sì rò pé ayédèrú ni fáìlì tí kò ní Digital Signatures (ìbuwọ́lù ẹni tí ó ṣe é), nítorí inú fáìlì mìíràn tí a ń pè ní catalog ni ìbuwọ́lù púpọ̀ nínú fáìlì Windows wà.

Fódà WinSxS, níbi tí Windows ń kó àwọn ẹ̀yà ara rẹ̀ pamọ́ sí, ń dẹ́rù ba àwọn tí ààyè ti há mọ́. Títóbi tí a ń rí níbẹ̀ ju òótọ́ lọ, torí pé fáìlì kan náà ni a máa ń kà níbẹ̀ tí a tún ń kà ní System32. Ẹ má fi ọwọ́ pa ohunkóhun rẹ́ níbẹ̀. Disk Cleanup, irinṣẹ́ Windows fún pípalẹ̀ mọ́, mọ ohun tí ó lè kó kúrò.

Regsvr32, àṣẹ tí a fi ń forúkọ DLL sílẹ̀ lọ́dọ̀ Windows, kì í ṣe oògùn gbogbonìṣe, nítorí kìkì DLL tí a kọ fún ìforúkọsílẹ̀ ni ó ń gbà á. Bí ó bá jẹ́ fáìlì Windows gan-an ni ó bàjẹ́, sfc /scannow, àṣẹ tí ń yẹ fáìlì Windows wò tí ó sì ń tún un ṣe, ni kí ẹ lò, kí ẹ sì rí i pé iná kò ní lọ kí ó tó parí.