Bí ẹ ṣe lè fi Bíbélì àti fóònù tọpa ilẹ̀ Lárúbáwá

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń kọ́ àwọn èèyàn ní sọ́ńdè sùkúù, láti Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́ta dé Súrùlérè títí lọ dé Ìsàlẹ̀ Èkó, ẹ gbọ́ o. Ọ̀rọ̀ Lárúbáwá nínú Bíbélì, Hágárì àti Íṣímáẹ́lì ni ọ̀pọ̀ wa máa ń bá a dé, a ó ti sọ pé "ìyẹn làwọn Mùsùlùmí", a ó sì pa Bíbélì dé. Kò rí bẹ́ẹ̀ jàre. Gbogbo Lárúbáwá tí Bíbélì dárúkọ ló ti kú kí Ìsìláàmù tó dé, àti pé títí dòní àwọn Lárúbáwá tó jẹ́ Kìrìsìtẹ́nì ń bẹ dáadáa. Ẹ̀yin tí bùọ̀dá yín ń kírun tẹ́yin ń lọ ṣọ́ọ̀ṣì, nínú agboolé kan náà, ẹ ṣáà mọ̀ pé Yorùbá lẹ̀yin méjèèjì.

Ohun tẹ́ ẹ máa nílò ò pọ̀: Bíbélì, fóònù tó ní Google Maps, ìwé kan àti báírò. Ẹ ti da máàpù Ìráàkì, Jọ́dánì, Síríà àti Lẹ́bánónì sínú fóònù látilé, tori tẹ́ ẹ bá ní ó di inú kíláàsì kẹ́ ẹ tó ṣí i, nẹ́tíwọ́ọ̀kì máa dójú tì yín. Ẹ wá pín ojú ìwé sí mẹ́ta, orúkọ tí Bíbélì pè é, orúkọ tó ń jẹ́ lónìí, ohun tó ṣẹlẹ̀ níbẹ̀ pẹ̀lú orí àti ẹsẹ ẹ̀.

Ẹ fi èyí tó rọrùn bẹ̀rẹ̀. Úrì tí Ábúráhámù ti jáde, Jẹ́nẹ́sísì 11:31, gúúsù Ìráàkì ni, nítòsí Nasiriyah. Nínéfè tí Jónà sá fún wà nínú Mosul gangan, àwọn ará ibẹ̀ ò sì gbàgbé Jónà, wọ́n ní mọ́ṣáláṣí Nabi Yunus, ìyẹn Wòlíì Jónà, tó jẹ́ pé àwọn agbésùnmọ̀mí ISIS ló wá fi bọ́ǹbù fọ́ ọ ní July 2014. Bábílónì ò jìnnà sí Hilla. Rábà ti àwọn ará Ámónì, níbi tí Dáfídì ti jẹ́ kí wọ́n pa Ùráyà lójú ogun, Amman ló ń jẹ́ báyìí, olú ìlú Jọ́dánì. Tẹ́ ẹ bá máa fi kọ bíi márùn-ún sílẹ̀, àwọn èwe á ti máa já fóònù gbà lọ́wọ́ yín.

Lẹ́bánónì ni kẹ́ ẹ ti dúró pẹ́, tori ó kàn wá l'Ékòó. Àwọn ará Lẹ́bánónì tá a jọ ń gbé ìlú yìí, tí bàbá ńlá wọn ti ń tajà níbí tipẹ́tipẹ́, púpọ̀ nínú wọn, apá gúúsù Lẹ́bánónì ni ìdílé wọn ti wá, apá ibẹ̀ náà sì ni Tírè àti Sídónì wà. Ẹ tẹ Tyre, ẹ tẹ Saida, ẹ máa rí méjèèjì létí òkun. Ẹ wá fẹ máàpù yẹn, ẹ wo àárín wọn, ìlú kan ń jẹ́ Sarafand. Sáréfátì nìyẹn, ibi tí opó yẹn ti fi ìyẹ̀fun ẹ̀kúnwọ́ kan tó kù fún un ṣe àkàrà fún Èlíjà nínú 1 Àwọn Ọba 17. Híráámù tó fi igi kédárì ránṣẹ́ sí Sólómọ́nì, ọba Tírè ni, obìnrin tó bẹ Jésù nítorí ọmọ ẹ̀ nínú Máàkù 7, agbègbè yẹn ló ti pàdé ẹ̀. Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni Ìṣe 21:5, Pọ́ọ̀lù fẹ́ wọkọ̀, àwọn onígbàgbọ́ Tírè tọmọ tìyàwó sìn ín jáde ìlú, gbogbo wọn kúnlẹ̀ sétí òkun, wọ́n gbàdúrà. Ẹni tó bá ti rí àwọn aláṣọ funfun létí òkun wa níbí ò nílò kí tíṣà ṣàlàyé ẹsẹ yẹn fún un. Ẹ ṣáà sọ fún kíláàsì pé láyé ìgbà Èlíjà, Fòníṣíà làwọn ará ibẹ̀, èdè Lárúbáwá ò tíì dé ọ̀dọ̀ wọn.

Ìdí nìyẹn tẹ́ ẹ fi gbọ́dọ̀ fi ojú ìwé míì sílẹ̀ fún àwọn tí Bíbélì fúnra ẹ̀ pè ní ará Árábíà. Jẹ́nẹ́sísì 25:13-16 to àwọn ọmọ Íṣímáẹ́lì méjèèjìlá, ẹ fa ìlà sábẹ́ Nébáíótì àti Kédárì, ẹ máa tún pàdé wọn nínú Àìsáyà 60:7. Nínú 2 Kíróníkà 17:11, àwọn ará Árábíà kó àgbò 7,700 àti òbúkọ 7,700 wá fún Jèhóṣáfátì. Ẹ bá mi fi iye tí wọ́n ń ta àgbò nígbà Iléyá ṣírò ẹ̀! Àmọ́ ẹ má dúró níbẹ̀, ẹ ṣí orí 21:16-17, àwọn Filísínì àtàwọn ará Árábíà ló wá kó ilé ọmọ ẹ̀, Jèhórámù, tọmọ tìyàwó. Aládùúgbò ni wọ́n, wọ́n ń bára wọn ra, wọ́n ń bára wọn jà, tíṣà tó bá mú apá kan ṣoṣo kọ́ èèyàn ti rẹ́ Bíbélì jẹ.

Tẹ́ ẹ bá ní agbára ẹ̀, ẹ wá ẹ̀rí ìta mọ́ ọn. Géṣémù ará Árábíà tó ń yọ Nehemáyà lẹ́nu, wọ́n rí abọ́ fàdákà kan ní Íjíbítì tí wọ́n kọ "Qaynu ọmọ Geshem, ọba Kédárì" sí lára, ó wà ní Brooklyn Museum ní New York, ọ̀pọ̀ onímọ̀ sì gbà pé Géṣémù wa yìí náà ni. Èyí tó tún ju ìyẹn lọ ni òkúta ọba Ásíríà kan, Shalmaneser Kẹta, tó sọ nípa ogun Qarqar ní Síríà, ọdún 853 ṣáájú Kírísítì. Ó to àwọn tó kóra jọ bá a jà: Áhábù ọba Ísírẹ́lì wà níbẹ̀ pẹ̀lú ọmọ ogun 10,000, Gindibu ará Árábíà náà wà níbẹ̀ pẹ̀lú ràkúnmí 1,000, ẹ̀gbẹ́ kan náà ni wọ́n wà o. Bíbélì ò mẹ́nu ba ogun yẹn rárá. British Museum ni Lọ́ńdọ̀nù ni òkúta náà wà, wọn kì í gbowó ìwọlé, ta ni ò ní ẹbí ní Lọ́ńdọ̀nù láàárín wa, ẹ ní kí wọ́n lọ ya fọ́tò ẹ̀ wá.

Ti Pọ́ọ̀lù ò gùn. Gálátíà 1:17 ní ó lọ sí Árábíà, ẹ má sáré lọ tẹ Mẹ́kà sórí máàpù, ìjọba àwọn Nabataea, àwọn Lárúbáwá àtijọ́ tó ni ìlú Petra ní Jọ́dánì, ni ọ̀pọ̀ onímọ̀ gbà pé ó ń sọ. Ọba wọn ni Árétà inú 2 Kọ́ríńtì 11:32. Òpópónà tí wọ́n ń pè ní Títọ́ nínú Ìṣe 9:11 ṣì wà ní Dámásíkù, wọ́n ń tajà níbẹ̀.

Èyí tó kù ni Bíbélì èdè Lárúbáwá fúnra ẹ̀. Ẹ wá Van Dyck nínú ápù Bíbélì yín. Ní Beirut ni wọ́n ti ṣe é, Eli Smith ará Amẹ́ríkà àti Butrus al-Bustani ọmọ Lẹ́bánónì ló bẹ̀rẹ̀ ẹ̀, Smith kú ní 1857, Cornelius Van Dyck wá parí ẹ̀ ní 1865. Odidi Bíbélì Yorùbá, tí Àjàyí Crowther ṣe gudugudu méje lórí ẹ̀, 1884 ló jáde. Ẹ pe ẹnì kan nínú ẹbí tó lọ ilé kéwú dáadáa, ẹ ní kó ka Sáàmù 23 fún yín. Ẹ máa gbọ́ Allah nínú Van Dyck yẹn o, bí àwọn Kìrìsìtẹ́nì Íjíbítì àti Síríà ṣe ń pe Ọlọ́run nìyẹn, kẹ́nikẹ́ni má torí ẹ̀ fa ìjà. Ẹ sì má sọ ọ́ di ìjiyàn ẹ̀sìn mọ́ ẹni tẹ́ ẹ pè wá ran yín lọ́wọ́, ẹ fún un ní mínírà, ẹ dúpẹ́.

Ẹ má kó gbogbo ẹ̀ sí ọjọ́ kan. Máàpù lọ́sẹ̀ kan, àwọn ará Árábíà lọ́sẹ̀ kejì, Van Dyck lọ́sẹ̀ kẹta. Tó bá jẹ́ àwọn ọmọdé ló wà níwájú yín, ẹ fo àgbò àti òkúta yẹn ná, ibi tí wọ́n ti fi agbọ̀n sọ Pọ́ọ̀lù kalẹ̀ lára odi Dámásíkù ni kẹ́ ẹ ti bẹ̀rẹ̀.