Báwọn tó gun òkè gan-an ṣe lè kó ipa ara wọn nínú fíìmù

Tẹ́ ẹ bá ń ya fíìmù òkè gígun, tẹ́ ẹ sì fẹ́ káwọn tọ́rọ̀ ṣẹlẹ̀ sí gan-an kó ipa ara wọn, ẹ jọ̀ọ́ ẹ má kọ́ wọn ní áàkìtìn. Iṣẹ́ ni kẹ́ ẹ fún wọn ṣe. Ẹni tó bá ń so okùn, tó ń yọ́ yìnyín mu, tó ń de irin eléyín mọ́ bàtà, á gbàgbé pé kámẹ́rà wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ ní kó sunkún báyìí, ó ti bàjẹ́ nìyẹn, á kàn máa wò yín ni.

Kẹ́ ẹ tó gbé kámẹ́rà lọ sórí òkè rárá, ẹ jẹ́ kí wọ́n ro ìtàn náà fún yín, lọ́kọ̀ọ̀kan o, ẹ má kó wọn jókòó pọ̀. Ẹni méjì tó wà lórí okùn kan náà kì í rántí bákan náà, torí atẹ́gùn òkè ò tó ọpọlọ, lórí Everest tó ga ní mítà 8,849, ọ́síjìn téèyàn ń mí sínú kò ju nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta ti etí òkun lọ, tẹ́ ẹ bá wá kó wọn pọ̀, ẹni tó lẹ́nu jù ni tiẹ̀ á borí. Tí ìtàn ò bá dọ́gba, ẹ fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, ibẹ̀ gan-an ni fíìmù yín wà.

Ẹ má kọ ọ̀rọ̀ tí wọ́n máa sọ fún wọn o. Ẹ kàn sọ ibi tí síìnì ti bẹ̀rẹ̀ àti ibi tó ti parí, tí wọ́n bá ń ṣépè fún okùn tó gan, ẹ má dá wọn dúró.

Èyí tó le jù ni ibi tí wọ́n ti fara pa. Ẹsẹ̀ Joe Simpson, ọ̀kan lára àwọn tó ń gun òkè, kán lórí òkè Siula Grande ní Peru lọ́dún 1985. Nígbà tí Kevin Macdonald wá ya fíìmù ẹ̀, Touching the Void, tó jáde ní 2003, àwọn eléré ló ṣe ibi tó sún mọ́ kámẹ́rà, Simpson àti Simon Yates tí wọ́n jọ gun òkè náà ló jókòó ròyìn, wọ́n tún padà lọ síbẹ̀ kí wọ́n lè yà wọ́n látòkèèrè, ẹ̀rù ọjọ́sí sì padà dé bá Simpson, èèyàn ṣáà ni. Ní tèmi, bí wọ́n ṣe pín in yẹn dáa: ṣíṣubú àti ẹsẹ̀ kíkán, ẹ gbé e fún ẹlòmíì tó kọ́ṣẹ́ ẹ̀. Ẹ jọ fẹnu kò lórí ọ̀rọ̀ kan tẹ́ni tọ́rọ̀ ṣẹlẹ̀ sí gan-an lè sọ kí gbogbo nǹkan dúró lójú ẹsẹ̀, kí dáírẹ́kítọ̀ má sì bi í pé kí ló dé. Tẹ́nì kan bá kú nínú ìtàn náà, àwọn ẹbí ẹ̀ ló gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gbọ́, kì í ṣe pé kí wọ́n lọ rí i ní sinimá.

Kò pọn dandan kó jẹ́ òkè ọjọ́sí náà lẹ máa lọ, yìnyín ibi tó relẹ̀ náà yìnyín ni. Àmọ́ tẹ́ ẹ bá kọjá mítà 3,000, ẹ má jẹ́ kí ibi tẹ́ ẹ máa sùn fi ju mítà 500 ga ju ti àná lọ, ẹni tórí bá ń fọ́ tó tún ń bì, kó sọ̀ kalẹ̀, ìbáà jẹ́ pé ojú ọjọ́ ṣẹ̀ṣẹ̀ dára fún kámẹ́rà ni. Bátìrì, inú aṣọ ni kó wà, kó lẹ̀ mọ́ ara, torí òtútù máa ń tètè pa á. Kámẹ́rà náà, ẹ dì í sínú náílọ́ọ̀nù kẹ́ ẹ tó gbé e wọnú àgọ́ tó móoru, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ omi á bo gíláàsì ojú ẹ̀.

Ojú tó ti dàgbà ńkọ́? Akoto àti awò á bo púpọ̀ nínú ẹ̀, ìyókù, ẹ yà á látẹ̀yìn. Ẹ má fi páńkéèkì yọ wọ́n lẹ́nu jàre.